Báwo ni ìrá ṣe rí gan-an? Mo fẹ́ kọ ọ́ sára adìrẹ

Aláró Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun

Ẹ kú àárọ̀ o, ẹ̀yin ará ilé. Adìrẹ ẹlẹ́kọ ni mò ń ṣe ní Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun, ní Òṣogbo níbí. Ọwọ́ ìyá mi ni mo ti kọ́ ọ, òun náà kọ́ ọ lọ́wọ́ ìyá tirẹ̀. Ẹja, alángbá, ọ̀nì, ẹyẹ, bí ẹ bá dì mí lójú, màá fi ìyẹ́ adìẹ kọ wọ́n sórí aṣọ fún yín. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan dé tí mi ò rí ojútùú rẹ̀ láti ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn.

Bàbá kan, ọmọ Ìgbòho, ló gbé iṣẹ́ wá fún mi. Ọ̀pá mẹ́wàá ni wọ́n fẹ́, torí ẹ̀gbọ́n wọn obìnrin ń ṣe ọgọ́rin ọdún. Wọ́n ní ìrá ni kí n kọ sí i lára, pé ẹranko ilẹ̀ àwọn ni. Mo ní kò burú. Mo ṣí fóònù, mo wá a títí, mo bá rí ẹran kan tí ìwo rẹ̀ lọ́ bí okùn tí wọ́n ràn. Ìwo yẹn wù mí. Mo kọ ọ́. Ọjọ́ mẹ́rin ni mo fi kọ ẹ̀kọ, èyí tí kì í jẹ́ kí aró wọ aṣọ, sára ọ̀pá márùn-ún àkọ́kọ́. Mo rẹ ẹ́ sínú aró, mo sá a, mo tún rẹ ẹ́, títí tó fi dúdú dáadáa, mo wá ha ẹ̀kọ kúrò. Kí n má purọ́, aṣọ yẹn dára.

Bàbá dé, wọ́n tẹ́ ẹ sórí itan wọn, wọn ò sọ nǹkan kan fún ìgbà díẹ̀. Wọ́n wá ní, "Ọmọ mi, ọwọ́ rẹ mọ́, ṣùgbọ́n èyí kì í ṣe ìrá. Mi ò rí irú ẹran yìí nílẹ̀ wa rí." Wọn ò bínú o. Wọ́n tiẹ̀ fẹ́ san owó aró tí mo ti lò. Ìyẹn ló wá dùn mí jù. Nígbà tí mo bèèrè lọ́wọ́ ọmọ àbúrò mi tó wà ní yunifásítì, ó ní ẹranko ìhà gúúsù Áfíríkà ni mo kọ, pé kò sí i ní Nàìjíríà rárá.

Mo fẹ́ tún un ṣe bó ṣe yẹ. Mi ò kọjá Ògbómọ̀ṣọ́ rí ní apá ọ̀hún. Igbó tí mo mọ̀ ni igbó Ọ̀ṣun, ibi tí ilẹ̀ ti tutù, tí àjàrà dí ojú ọ̀run. Bàbá yẹn ní ibi tí ìrá ń gbé kì í ṣe igbó, pé ọ̀dàn ni. Ẹni tó bá ti débẹ̀ kó ràn mí lọ́wọ́: báwo ni ojú rẹ̀ ṣe rí, ìwo rẹ̀ ńkọ́? Igi wo ló ń dúró sábẹ̀ rẹ̀? Mi ò fẹ́ kọ ọ̀pẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ bí kò bá sí ọ̀pẹ níbẹ̀. Ṣé ènìyàn sì lè lọ wò ó?

Ọmọ Òkè-Baálẹ̀

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú iṣẹ́. Mo gba ọ̀nà Ìgbẹ́tì kọjá lóṣù kejì ọdún tó kọjá, ẹrù la lọ gbé. Ilẹ̀ gbígbẹ ni gbogbo ẹ̀, igi kúkúrú kúkúrú, iná ti jó koríko, ilẹ̀ dúdú kirikiri. Mi ò rí ẹranko kan ṣoṣo, àfi àṣá. Mo bi dẹ́rẹ́bà pé kí ni ìjọba ń ṣọ́ ní apá ibí, òun náà ò mọ̀. Igbó Ọ̀ṣun tiwa ni mo rò pé ó yẹ kí a dáàbò bò, ó tutù, igi ńlá wà níbẹ̀, UNESCO ti kọ orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ láti 2005. Ẹ bẹ bàbá yẹn kí wọ́n jẹ́ kí ẹ kọ ọ̀bọ igbó Ọ̀ṣun sí i. Ẹ̀yin náà mọ bó ṣe rí.

Rénjà Àgbà

Ìyá aláró, ẹ kú iṣẹ́ ọwọ́. Mo ṣe iṣẹ́ rénjà, ìyẹn ẹ̀ṣọ́ ẹranko, ní Old Oyo National Park, páàkì tí ìjọba ń ṣọ́ ní apá Ìgbòho àti Ìgbẹ́tì, láti 1993 títí mo fi fẹ̀yìn tì ní 2018. Sẹ̀pẹ̀tẹ̀rí ni mo pẹ́ sí jù, mo sì ṣe ọdún mẹ́ta ní ẹ̀ka Ọ̀yọ́-Ilé. Ọmọ Òṣogbo ni ìyàwó mi, ibí la fìdí kalẹ̀ sí. Ọ̀rọ̀ yín kàn mí gbọ̀ngbọ̀n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún mi láyè kí n sọ ọ́ dáadáa.

Ká kọ́kọ́ sọ ti ìrá, torí aṣọ ń dúró dè yín. Ìrá kì í ṣe ẹran kékeré. Akọ tó gbó lè wọ̀n ju 250 kílò lọ. Èjìká rẹ̀ ga ju ìdí lọ, nítorí náà bí ẹ bá wò ó láti ẹ̀gbẹ́, ẹ̀yìn rẹ̀ á rọra dà sísàlẹ̀. Ìwo rẹ̀ kò lọ́ rárá. Ó yọ sókè láti orí, ó wá tẹ̀ sẹ́yìn bí dòjé, òrùka òrùka sì wà lára rẹ̀ kó tó dé ṣóńṣó tó ń dán. Akọ níwo, abo níwo, ti abo ló tẹ́ẹ́rẹ́. Etí rẹ̀ gùn bí ti kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, irun sì fì sí ṣóńṣó rẹ̀. Irun ọrùn rẹ̀ dúró gangan, orí irun náà dúdú.

Ojú rẹ̀ ni kí ẹ fara balẹ̀ kọ. Dúdú ni, funfun wá wà níwájú ẹyinjú níhà méjèèjì, funfun tún yí ẹnu ká, bí ẹni dé ìbòjú. Aró àti funfun nìkan lẹ̀ ń lò, Ọlọ́run sì fi dúdú àti funfun kun ojú ìrá. Ẹni tó bá kọ ojú yẹn yanjú, kò sí ọmọ ọ̀dàn tó máa bi í pé ẹran wo nìyí.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rí i nítòsí, oṣù kìíní 1994 ni, ọyẹ́ mú gan-an. A fara pamọ́ sẹ́yìn òkìtì ọ̀gán létí odò Ògùn. Ní àsìkò yẹn odò kì í ṣàn mọ́, ó ti ku ọ̀gọ̀dọ̀ níbí, ọ̀gọ̀dọ̀ lọ́hùn-ún, gbogbo ẹran sì mọ ibi tí omi kù sí. Abo kan ló kọ́kọ́ jáde. Ó dúró, ó fi ẹsẹ̀ gbá ilẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ó ń yí etí gígùn yẹn síwá sẹ́yìn. Ó pẹ́ kó tó bọ́ sódò. Ìgbà tó mu tán tó gbórí sókè, omi ń kán tó, tó, tó láti ẹnu funfun yẹn, ìgbà yẹn ni àwọn mẹ́rin yòókù ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ lé e, ọmọ kan wà láàárín wọn tí ìwo rẹ̀ kò tíì ju àtàǹpàkò lọ. Ọ̀gá tó mú mi lọ kò jẹ́ kí n wú ikọ́. Ọjọ́ yẹn ni mo mọ̀ pé mo máa pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ náà.

Ọmọ Òkè-Baálẹ̀, mo ka ohun tí o kọ, mi ò sì bá ọ wí, torí èmi náà ti ro bẹ́ẹ̀ rí. Oṣù kejì lo dé, ọ̀sán ni, inú ọkọ̀ lo sì wà. Ọ̀sán ni gbogbo ẹran máa ń wọ abẹ́ igi lọ sùn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà ju ìyẹn lọ. Àwa tí a dàgbà sí ìlú igbó, bí a bá rí ọ̀dàn, a máa ń rò pé igbó ló wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀ tó bàjẹ́. Kò rí bẹ́ẹ̀. Òun náà nílé tirẹ̀. Kó ìrá wọ igbó Ọ̀ṣun, ebi ni yóò pa á, torí koríko ló ń jẹ, koríko kì í sì í hù níbi tí oòrùn kò dé. Igbó Ọ̀ṣun jẹ́ hẹ́kítà 75. Páàkì yẹn jẹ́ kìlómítà 2,512 níbùú lóòró, ìyẹn ju hẹ́kítà 250,000 lọ. Ká fẹ́ràn méjèèjì.

Ìjọba kò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa ṣọ́ ọ. Wọ́n ya apá òkè odò Ògùn sọ́tọ̀ ní 1936, wọ́n ya apá Ọ̀yọ́-Ilé sọ́tọ̀ ní 1941, wọ́n sọ méjèèjì di ilẹ̀ ìpamọ́ ẹranko ní 1952, ó wá di National Park ní 1991. Orúkọ Ọ̀yọ́-Ilé tí ẹ gbọ́ yẹn, ìlú Aláàfin àtijọ́ gan-an ni. Clapperton, òyìnbó arìnrìn-àjò, dé ibẹ̀ ní 1826 nígbà tí èrò ṣì kún un. Kò tó ogún ọdún lẹ́yìn rẹ̀ tí wọ́n fi tú síta nítorí ogun. Bí ẹ bá ń rìn níbẹ̀ lónìí, ẹ máa tẹ àpáàdì mọ́lẹ̀ nínú koríko, ẹ máa rí ibi tí odi ìlú gbà kọjá. Ìmàdò ló ń gbé ibi tí èrò ń gbé nígbà kan.

Ọ̀rọ̀ iná ló wà lọ́kàn mi jù. O rí ilẹ̀ dúdú, o rò pé gbogbo rẹ̀ ti parí. Iná kì í ṣe àlejò ní ọ̀dàn. Láyé àtijọ́, ọdún Bẹẹrẹ ni wọ́n ń ṣe fún Aláàfin. Koríko bẹẹrẹ tí wọ́n fi ń bolé ni wọ́n máa kọ́kọ́ gé wá sí ààfin, ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n tó máa ń sun pápá. Ẹ ò rí i pé ìgbà wà fún un? Bí a bá dáná sun pápá ní ìparí oṣù kọkànlá sí oṣù kejìlá, ìdí koríko ṣì tutù, iná náà á máa rìn wúyẹ́wúyẹ́ nílẹ̀, kò ní ga ju orúnkún lọ, á fo ibòmíràn, igi kéékèèké á yè é. Àwa rénjà la máa ń dá irú iná yẹn fúnra wa, a óò tẹ̀ lé e pẹ̀lú ẹ̀ka ewé tútù lọ́wọ́. Kò ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ, koríko tuntun á ti yọ láti inú gbòǹgbò, láìsí òjò rárá, ibi tó dúdú yẹn á wá tutù yọ̀yọ̀. Ibẹ̀ gan-an ni ìrá ń wá jẹun. Àṣá tí o rí yẹn, iná ló ń tẹ̀ lé, ó ń gbé tata tó ń sá jáde. Lékèélékèé náà ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Iná tó ń ba ọ̀dàn jẹ́ ni èyí tí wọ́n dá ní oṣù kẹta, nígbà tí gbogbo nǹkan ti gbẹ wọnú egungun. Ní ọdún kan, àwọn kan dá a láti lé ọ̀yà jáde. Ọjọ́ mẹ́ta ni a fi bá a jà. Ariwo rẹ̀ dà bí òjò ńlá tó ń bọ̀, ó ń gun orí igi, màjàlà ń bọ́ sórí àwo oúnjẹ wa ní bárékè. Nígbà tó kú, mo rin ibi tó jó kọjá, mo ka ìkarahun ìjàpá mọ́kànlá. Ọ̀kan ṣì gbóná nígbà tí mo gbé e. Igi ẹ̀mí ńlá kì í kú, èèpo rẹ̀ nípọn, ó sán wélewèle bí ẹ̀yìn ọ̀nì, kì í jẹ́ kí iná dé inú. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ ẹ̀mí tí kò tíì ga tó ènìyàn, gbogbo wọn ló lọ. Bí irú iná bẹ́ẹ̀ bá dé lọ́dọọdún, àwọn àgbà igi á kàn máa kú lọ láìní àrólé ni.

Iná nìkan kọ́. Ọdẹ alálẹ́ wà, agégi wà, àwọn kan sì ń bọ́ ewé igi apá sílẹ̀ fún màlúù títí igi náà fi kù ní òpó lásán. Ọmọ onílẹ̀ wà níbẹ̀, àlejò wà níbẹ̀. Èmi ti mú ọ̀rẹ́ mi rí.

Ìyá aláró, ẹ lè lọ, ṣùgbọ́n ẹ má dá lọ, ẹ má sì gbéra láìbèèrè. Olú-iléeṣẹ́ wọn wà ní Ìṣokùn, nílùú Ọ̀yọ́. Ẹ bi wọ́n bí ọ̀nà ṣe rí ní àsìkò tí ẹ fẹ́ lọ, kí wọ́n fún yín ní rénjà tó máa tẹ̀ lé yín. Oṣù kejìlá sí oṣù kẹrin ló dára jù, àárọ̀ kùtù. Mi ò lè ṣèlérí ìrá fún yín, kò pọ̀ bó ṣe yẹ. Ẹ lè rí ìmàdò, tó máa ń kúnlẹ̀ lórí ẹsẹ̀ iwájú méjèèjì bó bá ń jẹ koríko, tí ìrù rẹ̀ sì máa ń nà sókè bí wáyà rédíò bó bá ń sáré. Ẹ sì lè rí ìjímèrè, ọ̀bọ pupa ẹlẹ́sẹ̀ gígùn. Ilẹ̀ ni ìjímèrè ti ń sáré, kò sì sí ọ̀bọ tó lè bá a nínú eré.

Ọmọ Ọdẹ Ìgbẹ́tì

Bàbá Rénjà, mo dọ̀bálẹ̀ o. Mo dúpẹ́ fún ọ̀rọ̀ iná yẹn. Bàbá mi tó jẹ́ ọdẹ kò gbà kí ẹnikẹ́ni dáná lẹ́yìn oṣù kìíní. Ó ní ẹni tó dáná lóṣù kẹta ti jẹ ẹran ọdún tó ń bọ̀.

Ẹ̀gbọ́n aláró, ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú orúkọ. Ẹran tí wọ́n tò tótótó funfun sí lára, tí ìlà funfun sì gba ẹ̀yìn rẹ̀ kọjá, àgbọ̀nrín là ń pè é nílé wa, mo sì gbọ́ tí àwọn mìíràn ń pè é ní ìgalà. Bí ẹ bá wá ìrá lórí fóònù, àwọn kan á fi ìyẹn hàn yín. Kì í ṣe òun. Àgbọ̀nrín kò ga tó ìrá rárá, akọ nìkan ló sì níwo.

Ní ti igi, igi ẹ̀mí ni kí ẹ kọ, ẹ fi ọ̀pẹ sílẹ̀. Ewé rẹ̀ kì í hù káàkiri ẹ̀ka. Ṣóńṣó ẹ̀ka ló ti máa ń ṣù jọ bí ìdì ewé, ewé náà gùn, etí rẹ̀ sì rí kọ́rọkọ̀rọ. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, bí òjò bá ti bẹ̀rẹ̀ dáadáa, ìyá mi á jí wa ní ìdájí kí a lọ ṣa èso rẹ̀ kí ẹlòmíràn tó dé. Èyí tó bá ti rọ̀ là ń jẹ lójú ọ̀nà, ó dùn, ọwọ́ wa á máa lẹ̀ mọ́ra. Kóró rẹ̀ ni ìyá mi ń fi ṣe òrí tó fi rán mi nílé ìwé. Ẹ tún lè kọ òkìtì ọ̀gán sí i. Kò sí ibi tí èèyàn á wò ní ọ̀dàn tí kò ní í rí ọ̀gán.

Ọmọ Òkè-Baálẹ̀

Ẹ ṣeun, Bàbá. Mi ò mọ̀ pé koríko lè hù láìsí òjò. Oṣù kejìlá ni màá tún gba ibẹ̀ kọjá, màá sọ fún dẹ́rẹ́bà kó jẹ́ ká gbéra láàárọ̀.

Aláró Ìsàlẹ̀-Ọ̀ṣun

Bàbá, mo kúnlẹ̀. Aṣọ wà lórí itan mi bí mo ṣe ń kà á, mo kà á fún àwọn ọmọ iṣẹ́ mi lẹ́ẹ̀mejì. Abo ìrá tó dúró létí omi tí àwọn yòókù ń dúró dè yẹn ni mo máa kọ. Ẹ̀gbọ́n wọn tó ń ṣe ọgọ́rin ọdún ni àgbà ilé, ó bá a mu.

Mo ti gbìyànjú rẹ̀ lórí bébà lálẹ́ àná. Mo fi igi ẹ̀mí kan sẹ́yìn rẹ̀, mo ṣù ewé jọ sí ṣóńṣó ẹ̀ka bí àbúrò wa ọmọ Ìgbẹ́tì ṣe wí, ọ̀gán wà lápá òsì. Funfun ojú náà rọrùn: ibi tí ẹ̀kọ bá wà ni aró kò ní wọ̀, nítorí náà èmi á kun ẹ̀kọ síwájú ẹyinjú àti yí ẹnu ká, màá wá jẹ́ kí aró mú ìyókù dúdú. Ìwo ló gba àkókò, torí òrùka yẹn gbọ́dọ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, mo ní láti gé ìyẹ́ adìẹ tuntun. Mo fi fọ́tò bébà náà sísàlẹ̀ níbí. Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ bá mi wò ó kí n tó ro ẹ̀kọ. Mi ò fẹ́ kí bàbá Ìgbòho tún tẹ́ aṣọ sórí itan kí wọ́n dákẹ́.

Rénjà Àgbà

Mo ti wò ó. Ìwo yẹn tọ́, ẹ má fọwọ́ kàn án mọ́. Ẹ̀yìn rẹ̀ dà bó ṣe yẹ. Ìrùngbọ̀n kékeré kan wà lábẹ́ ọ̀fun rẹ̀ tí mo gbàgbé láti sọ, ẹ fi díẹ̀ sí i. Etí nìkan ló kúrú. Ẹ fà á gùn sí i tó ìka méjì, kí etí kan dojú kọ omi, kí èkejì dojú kọ ẹ̀yìn, níbi tí ọmọ wà.